Ṣé ẹyin ni wọ́n fi ń po pásítà ni àbí omi? Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀ ọ́n, ẹ dá sí i

Àdùkẹ́_Àkọ́bọ̀:

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o ẹ̀yin ará ilé. Ọ̀rọ̀ oúnjẹ ni mo bá dé, ẹ má bínú tó bá gùn.

Àǹtí kan wà ní Bódìjà tó ń kọ́ wa ní oúnjẹ Ítálì nínú ilé wọn lọ́sàn-án Sátidé, wọ́n gbé ìlú Bologna fún ọ̀pọ̀ ọdún kí wọ́n tó padà wálé. A ò pọ̀ níbẹ̀, àwa obìnrin díẹ̀ ni àti bọ̀dá kan tó ń ṣiṣẹ́ ní UI tó kàn fẹ́ràn oúnjẹ. Kì í ṣe spaghetti inú páálí la ń kọ́ o, èyí téèyàn ń fọwọ́ ara ẹ̀ pò láti orí fúláwà ni. Wọ́n á da fúláwà sórí pákó fẹ̀ǹfẹ̀ kan, wọ́n á la ihò sáàárín ẹ̀, wọ́n á fọ́ ẹyin síbẹ̀, wọ́n á wá máa fi fọ́ọ̀kì rò ó díẹ̀díẹ̀, wọ́n á máa fa fúláwà wọlé láti ẹ̀gbẹ́, kí ògiri yẹn má bàa wó kí ẹyin má sì ṣàn lọ sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Tó bá ti ń ki, ó di tọwọ́ nìyẹn. A ó fi àtẹ́lẹwọ́ tì í síwájú, a ó ká a padà, a ó yí i, a ó tún tì í, ìṣẹ́jú mẹ́wàá gbáko, kò sí eré níbẹ̀. Apá máa ń ro mí débi pé ọkọ mi ló ń ro ọkà tí mo bá délé lálẹ́ ọjọ́ náà, inú ẹ̀ ò sì dùn sí kíláàsì yìí rárá.

Ohun tó gbé mi wá síbí ni pé àǹtí wa ní pásítà gidi, fúláwà àti ẹyin ni, kò sí omi, kò sí òróró, wọn kì í tiẹ̀ fi iyọ̀ sí i. 100 gíráàmù fúláwà sí ẹyin kan, ó parí. Mo wá fi fídíò tí mo ṣe ránṣẹ́ sí ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi tó wà ní Bari, ní gúúsù Ítálì, àwọn arúgbó ló ń tọ́jú níbẹ̀, ló bá bú sẹ́rìn-ín. Ó ní màmá tóun ń tọ́jú kò fi ẹyin po pásítà rí lójú òun, pé semola àti omi lọ́wọ́ọ́wọ́ ni wọ́n ń lò, ọ̀bẹ ni wọ́n sì fi ń fà á, wọn kì í fi igi tẹ́ ẹ. Ó ní bóyá ńṣe ni wọ́n kàn ń gba owó wa. Ọkàn mi ò balẹ̀ mọ́. Mi ò sì lè lọ bá àǹtí pé báyìí báyìí ni wọ́n wí, àgbà ni wọ́n, wọ́n tún ní sùúrù fún wa gan-an.

Èyí tó tún kù ni fúláwà fúnra ẹ̀. Èyí tí wọ́n ń lò ní kíláàsì, 00 ni wọ́n kọ sí i lára, àwọn tó ń ti òkè òkun bọ̀ ló ń bá wọn mú un dání. Mo rí i ní ṣọ́ọ̀bù ńlá kan lápá Ring Road, mo wo owó tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ọn, mo rọra gbé e padà sórí pẹpẹ. Kí ni kí n rà ní ọjà Bódìjà tàbí Dùgbẹ̀ táá ṣiṣẹ́ kan náà? Ṣé semo tí à ń fi ṣe òkèlè ni semola tí wọ́n ń wí? Ṣé dandan ni mẹ́ṣìn, torí igi gígùn tí àǹtí ń lò yẹn, mi ò rí irú ẹ̀ rà. Mo sì ní in lọ́kàn láti máa tà á, mo ti ń ṣe small chops tẹ́lẹ̀, àmọ́ ẹ mọ bí iná ṣe ń ṣe wá lápá ọ̀dọ̀ wa. Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tó bá mọ̀ kó sọ̀rọ̀.

KíniṢó_Ọjàọba:

Haa! Èèyàn wà nínú Ìbàdàn, ó lọ sanwó kí wọ́n kọ́ òun ní spaghetti tó wà ní gbogbo kíóskì? Páálí kan ń bẹ lọ́dọ̀ ìyá Sùlíà níwájú ilé wa, kò ní kí n gbẹ́ ihò sáàárín fúláwà. Owó wà lọ́wọ́ àwọn èèyàn o jàre. Ẹ fún wa ní àwòrán ká fi dá a lójú pé ẹ jẹ ẹ́ tán.

Ọmọ_Mọ́kọ́lá_ní_Modena:

Àǹtí Àdùkẹ́, ẹ má dá KíniṢó lóhùn, ebi ló ń pa á.

Modena lèmi wà, Bologna ò jìnnà sí wa rárá, rélùwéè ò ju ìdajì wákàtí lọ, inú ìdáná ilé oúnjẹ kan ni mo sì ti ń ṣiṣẹ́, torí náà ẹ jẹ́ kí n sọ ìwọ̀nba tí mo mọ̀. Àǹtí yín ò parọ́, ọmọ bàbá yín náà ò parọ́. Ibi tí kálukú ń gbé ló ń bá wọn sọ̀rọ̀. Ìhà àríwá níbí, Emilia-Romagna tí Bologna àti Modena wà, àlìkámà rírọ̀ ni tiwọn, òun ni wọ́n ń lọ̀ tí wọ́n ń sẹ́ títí táá fi funfun táá fi kúnná dáadáa, 00 yẹn náà nìyẹn. Fúláwà yìí ò lágbára tó bẹ́ẹ̀ fúnra ẹ̀, ẹyin ló ń dúró tì í. Funfun ẹyin ló ń dì í mú tó bá wọ omi híhó tí kò fi ní túká, pupa ẹyin ló ń jẹ́ kó rọ̀ lẹ́nu kó sì ní àwọ̀ yẹn. Ẹ wá bọ́ sí gúúsù, ní Puglia tí Bari wà, àlìkámà líle tí wọ́n ń pè ní durum ló ń ṣe dáadáa lóko wọn torí ó fẹ́ràn oòrùn àti ilẹ̀ gbígbẹ. Kóró ẹ̀ le, kì í kúnná bọ̀rọ̀, ó máa ń ṣe ṣákaṣàka lọ́wọ́, ó sì ti ní àwọ̀ ìyeyè tiẹ̀ láti oko wá. Semola nìyẹn. Prótíìnì inú ẹ̀ pọ̀, omi nìkan ti tó o, ẹyin kọ́ ló nílò. Láyé ọjọ́un pẹ̀lú, ẹyin kì í ṣe nǹkan tí mẹ̀kúnnù ibẹ̀ á kàn máa fọ́ sínú fúláwà lójoojúmọ́, ọjọ́ ọdún ni. Spaghetti gbígbẹ inú páálí náà, durum ni, òfin ti wà ní Ítálì láti 1967 pé òun ni kí wọ́n máa fi ṣe é. Torí náà tí ọmọ bàbá yín bá fẹ́ fi ẹyin ṣe yẹ̀yẹ́, kó wọ ọkọ̀ wá sí Bologna kó wá sọ ọ́ níta, àwa á máa wò ó láti ọ̀ọ́kán.

Torí àwọn ará Bologna ò fi ọ̀rọ̀ yìí ṣeré. Ní 1972 wọ́n fi wúrà ṣe ẹyọ tagliatella kan ṣoṣo, pásítà tí wọ́n ń gé tẹ́ẹ́rẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́ yẹn, wọ́n gbé e fún ẹgbẹ́ àwọn oníṣòwò ìlú náà kí wọ́n bá wọn tọ́jú ẹ̀ sọ́fíìsì wọn, pé tó bá jinná tán mìlímítà 8 ni kí ìbú ẹ̀ jẹ́, wọ́n sì ṣírò ẹ̀ pé ó jẹ́ ìdá kan nínú ìdá 12,270 gíga ilé ìṣọ́ Asinelli tó wà láàárín ìgboro. Ká sọ pé àwa náà fi Cocoa House wọn òkèlè àmàlà ńkọ́, ṣé wọn ò ní pè wá ní wèrè? Ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn ẹ̀, ní 1982, wọ́n tún lọ fi ìwé bí wọ́n ṣe ń se ọbẹ̀ ẹran tí wọ́n ń pè ní ragù pamọ́ síbẹ̀ náà. Tagliatelle ni wọ́n ń fi ọbẹ̀ yẹn jẹ o, tẹ́ ẹ bá bèèrè spaghetti bolognese ní Bologna wọ́n á kàn máa wò yín ni.

Ẹ jẹ́ ká padà sórí ọ̀rọ̀. 100 gíráàmù sí ẹyin kan tí wọ́n wí, ẹyin tó tó 60 gíráàmù pẹ̀lú èèpo ẹ̀ ni wọ́n ń sọ. Ẹyin ọ̀dọ̀ wa, ẹ ti mọ̀, nínú kíréètì kan ṣoṣo èèyàn á rí gbàǹgbà á rí tíńtín. Torí náà ẹ má ka ẹyin, ẹ wọ̀n ọ́n ni. Ẹ fọ́ ọ sínú abọ́ lórí síkéèlì, tó bá ti tó 110 gíráàmù, 200 gíráàmù fúláwà ni kí ẹ fi sí i. Tẹ́ ẹ bá pò ó tán kó má lẹ̀ mọ́ ọwọ́, kó má sì máa fọ́, tẹ́ ẹ bá fi ìka tẹ̀ ẹ́ kó rọra dìde padà. Ẹ wá wé e sínú náílọ́ọ̀nù tàbí kí ẹ fi abọ́ bò ó mọ́lẹ̀, ọgbọ̀n ìṣẹ́jú ó kéré tán. Ìsinmi yìí ṣe pàtàkì ju bí ẹ ṣe rò lọ, torí pípò tẹ́ ẹ pò ó yẹn ti fa okun inú ẹ̀ le, tẹ́ ẹ bá ní kí ẹ tẹ́ ẹ lójú ẹsẹ̀ ńṣe ni á máa súnkì padà sí yín lọ́wọ́, ẹ ó máa rò pé ọwọ́ yín ni ò da.

Títẹ́ ẹ wá ni iṣẹ́. Àwọn obìnrin tó ń fi igi gígùn tẹ́ ẹ níbí, sfoglina ni wọ́n ń pè wọ́n, ọ̀kan wà tó máa ń wá sí ibi iṣẹ́ wa láàárọ̀, mo máa ń dúró wò wọ́n títí ọ̀gá á fi pariwo mọ́ mi. Wọn kì í tẹ igi mọ́lẹ̀ rárá. Wọ́n á ká etí ẹ̀ mọ́ igi, wọ́n á gbé àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì lé e láàárín, wọ́n á máa yí igi lọ síwájú kí ọwọ́ wọn máa sún lọ sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún àti òsì, ìyẹn ni pé wọ́n ń tẹ́ ẹ wọ́n tún ń fà á gbòòrò lẹ́ẹ̀kan náà. Wọ́n á tú u, wọ́n á yí i díẹ̀, wọ́n á tún ká a. Láìpẹ́ á ti fẹ̀ ju tábìlì lọ, apá kan á máa fì nílẹ̀. Tẹ́ ẹ bá gbé e sókè tẹ́ ẹ sì rí ìka yín lódìkejì, ó ti tó. Orí pákó ni kí ẹ ti ṣe é, kì í ṣe orí táìsì ìdáná, pákó máa ń jẹ́ kí ara ẹ̀ ṣe gbúngbùngbún díẹ̀, ibẹ̀ ni ọbẹ̀ ń dì mú.

Sísè ò nira. Lítà omi kan sí 100 gíráàmù pásítà, 10 gíráàmù iyọ̀ sí lítà kan, ibẹ̀ ló ti ń gba iyọ̀ tí àǹtí yín ò fi sí fúláwà. Ẹ má da òróró sómi, ọbẹ̀ ò ní lẹ̀ mọ́ ọn mọ́ ni. Ìṣẹ́jú méjì sí mẹ́ta ó ti jinná o, ẹni tó bá fẹ́ gba fóònù kó lọ gbà á kó tó dà á sínú omi. Kẹ́ ẹ sì bu omi tẹ́ ẹ fi sè é pamọ́, tẹ́ ẹ bá da pásítà sínú ọbẹ̀ lórí iná, ẹ wọ́n omi yẹn sí i díẹ̀, sítáàṣì inú ẹ̀ ló ń mú ọbẹ̀ àti pásítà so pọ̀.

Ìyá_Oníbúrẹ́dì_Challenge:

Àdùkẹ́ ọmọ mi, mo kà á tán pátá. Mi ò dé Ítálì, fúláwà ni mo mọ̀, ó sì ti pẹ́ tá a ti jọ wà.

Fúláwà alápò tí wọ́n ń fi kóńgò wọ̀n ní Bódìjà, èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀ ti búrẹ́dì ni. Ó lágbára, ó máa ń fà, oníbúrẹ́dì ló fẹ́ ẹ bẹ́ẹ̀. Wàá lè lò ó, ṣùgbọ́n ọgbọ̀n ìṣẹ́jú ò ní tó o, fún un ní wákàtí kan kó tó rọ̀. Tó o bá rí èyí tí wọ́n kọ sí i lára pé ti kéèkì àti ìpápánu ni, da méjèèjì pọ̀ ní ìdajì ìdajì, wàá rí i pé á tẹ́ fún ẹ láìjà. Èyí tí wọ́n ti po báékìn páúdà mọ́ láti ilé iṣẹ́, má sún mọ́ ọn o, pásítà ò gbọ́dọ̀ wú. Kó o sì sẹ́ ẹ, torí àpò tó ti ṣí sílẹ̀ ní ọjà láti ìjẹta, ìwọ nìkan kọ́ lo ń jẹ níbẹ̀.

Nǹkan tí ọmọ tó wà ní Modena ò lè rántí mọ́ ni ọyẹ́. Fúláwà ìgbà ọyẹ́ máa ń gbẹ, á máa mu omi ju ti ìgbà òjò lọ. Ìwọ̀n tó bá ẹ mu rẹ́gí nígbà òjò, tó bá di oṣù kejìlá á máa fọ́ sí ẹ lọ́wọ́, wàá máa bú ẹyin. Má da omi sí i gbòlàgbòlà o. Fi omi ra àtẹ́lẹwọ́, máa pò ó lọ, tún ra ọwọ́ tó bá tún bèèrè. Bákan náà nígbà òjò tó bá lẹ̀, fúláwà díẹ̀ lórí pákó, kì í ṣe inú ẹ̀. Èyí tó ò tíì tẹ́, máa bò ó, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ atẹ́gùn ọyẹ́ á sọ ojú ẹ̀ di èépá, èépá yẹn ò sì ní parẹ́ mọ́ títí wàá fi sè é.

Ọ̀rọ̀ semo. Ka ara àpò ẹ̀ kó o tó sanwó. Tó o bá rí i pé wọ́n po àgbàdo mọ́ ọn, gbé e sílẹ̀, àgbàdo ò lè fà. Tó bá jẹ́ àlìkámà lásán, dán an wò, ṣùgbọ́n kóró ẹ̀ tóbi ju ohun tí wọ́n ń lò lọ́hùn-ún lọ, dà á sí bílẹ́ńdà gbígbẹ kó o lọ̀ ọ́ sí i, kó o sẹ́ ẹ. Omi lọ́wọ́ọ́wọ́, ìdajì ìwọ̀n semo náà, 200 gíráàmù semo 100 gíráàmù omi. Po ó pọ̀ ṣá, bò ó, jẹ́ kó mu omi fún bí ogún ìṣẹ́jú kó o tó bẹ̀rẹ̀ pípò gidi, tó ò bá ṣe bẹ́ẹ̀ wàá rò pé yanrìn lò ń pò.

Mẹ́ṣìn ló pa mí lẹ́rìn-ín. Mẹ́ṣìn tí wọ́n ń fọwọ́ yí, tí àwọn oní chin-chin ń de mọ́ etí tábìlì, tó wà lọ́dọ̀ àwọn tó ń ta nǹkan ìdáná ní Ògùnpa, mẹ́ṣìn yẹn náà ni! Róólà méjì tó ń tẹ́ ẹ, ojú gígé kan tó fẹ̀, ojú gígé kan tó tín-ín-rín. Àwa là ń fi gé chin-chin, iṣẹ́ tí wọ́n ṣe é fún látilẹ̀ kò ju kó máa gé irú nǹkan tẹ́ ẹ ń kọ́ yìí lọ. Má fi omi fọ̀ ọ́ láéláé, á dógùn-ún nínú níbi tójú ẹ ò lè dé, búrọ́ọ̀ṣì gbígbẹ ni kó o fi gbọ̀n ọ́n. Ìṣù àkọ́kọ́ tó bá gba inú mẹ́ṣìn tuntun kọjá, sọ ọ́ nù, gíríìsì ilé iṣẹ́ wà lára ẹ̀, wàá rí i dúdú dúdú. Lẹ́yìn náà, ibi tó fẹ̀ jù ni kó o ti bẹ̀rẹ̀, kó o ká a sí mẹ́ta, kó o tún kì í bọ̀ ọ́, máa ṣe é bẹ́ẹ̀ títí ara ẹ̀ á fi dán, nígbà yẹn ni kó o ṣẹ̀ṣẹ̀ máa yí nọ́ńbà lọ́kọ̀ọ̀kan. Àwọn tó ń kánjú yí i láti ibi fífẹ̀ sí ibi tín-ín-rín lẹ́ẹ̀kan náà ló máa ń já mọ́ lọ́wọ́.

Àdùkẹ́_Àkọ́bọ̀:

Mẹ́ṣìn chin-chin! Ìyá ọkọ mi ní ọ̀kan nínú páálí lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, láti ìgbà tí orúnkún ti ń dùn wọ́n ni wọn ò ti lò ó mọ́. Ẹ ṣeun mà, ẹ ṣeun bọ̀dá Modena, ara mi ti balẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ ẹyin.

Ẹ wá bá mi parí ẹ̀. Àǹtí ń fi basil sí ọbẹ̀ tòmátì, inú ìkòkò òdòdó lẹ́yìnkùlé wọn ló ń hù sí, mi ò rí i rà. Ṣé kí n fi ẹ̀fìnrìn sí i? Àti títà, ẹ ò tíì dá mi lóhùn lórí títà.

Alásè_Samonda:

Àǹtí mi, èmi ń tà á, ẹ jẹ́ n gba ti títà.

Pásítà ẹlẹ́yin, ẹyin tútù ló wà nínú ẹ̀, ẹ má gbàgbé. Nínú ooru Ìbàdàn, wákàtí méjì lórí tábìlì ti pọ̀ jù. Nínú fíríìjì, ọjọ́ kan sí méjì, lẹ́yìn ìyẹn á bẹ̀rẹ̀ sí í dúdú. Nínú fírísà ó lè lo oṣù kan, àmọ́ iná gbọ́dọ̀ dúró o, torí tó bá yọ́ tó tún padà dì á lẹ̀ mọ́ra, kò ṣe é fún oníbàárà mọ́, kò sì dáa fún ara. Torí náà mi ò kì í kó o jọ dúró. Oníbàárà á sọ ohun tó fẹ́ kó tó di Ọjọ́bọ̀, á san ìdajì owó, mo pò ó láàárọ̀ Sátidé, wọ́n wá gbé e lọ́sàn-án pẹ̀lú ike ọbẹ̀ ẹ̀ lọ́tọ̀. Àwọn tó ń pè mí jù ni àwọn tó fẹ́ ṣe ọjọ́ ìbí kékeré nínú ilé, àti àwọn ọmọ tó ti rìnrìn àjò dé tí oúnjẹ ibẹ̀ ń wù. Ọjà ńlá kọ́ o, mi ò ní tàn yín, small chops yín ṣì ni kẹ́ ẹ dì mú.

Tẹ́ ẹ bá gé e tán, ẹ má fi fúláwà wọ́n ọn kí ẹ tó ká a jọ, semo ni kí ẹ fi wọ́n ọn. Fúláwà á mu omi ara ẹ̀, á di lẹ́ẹ̀, gbogbo ẹ̀ á sì di ìṣù kan. Semo á jábọ́ sísàlẹ̀ ìkòkò tó bá ti wọ omi. Èyí tó bá ti wà ní fírísà, láti fírísà sínú omi híhó tààrà, ẹ má dúró pé kó kọ́kọ́ yọ́.

Àmọ́ tó bá jẹ́ iná nìṣòro yín, ti Bari tí ọmọ bàbá yín ń sọ yẹn ni kí ẹ máa tà. Kò lẹ́yin nínú, ẹ lè tẹ́ ẹ sórí asẹ́ lábẹ́ fáànù, á gbẹ, tó bá gbẹ dénú inú ike ló ń gbé, kò bèèrè fíríìjì. Ẹ má sá a sóòrùn, á là ni. Àsìkò ọyẹ́ ló dáa jù fún un. Nígbà òjò ẹ má dán an wò rárá, á bu kó tó gbẹ.

Ọmọ_Mọ́kọ́lá_ní_Modena:

Ẹ̀fìnrìn àti basil, ẹbí kan náà ni wọ́n, Ocimum ni àwọn onímọ̀ ewéko ń pe ìdílé wọn, àmọ́ ẹ̀gbọ́n líle ni ẹ̀fìnrìn, òórùn kànáfùrù wà lára ẹ̀. Ewé méjì péré fún ìkòkò kékeré, kí ẹ fọwọ́ ya á lẹ́yìn tẹ́ ẹ bá ti sọ ọbẹ̀ kalẹ̀. Tó bá fi lè bá ọbẹ̀ hó, àgbo lẹ sè yẹn.

KíniṢó_Ọjàọba:

Ẹ̀yin èèyàn yìí mà ti kàwé lórí fúláwà o. Ó dáa, mo ní ìbéèrè gidi, mi ò ṣeré mọ́. Ọbẹ̀ tòmátì yẹn ò jọ mí lójú, ṣé wọ́n á gbé mi lọ sí kóòtù ní Bologna tí mo bá fi ẹ̀fọ́ jẹ ẹ́?

Ọmọ_Mọ́kọ́lá_ní_Modena:

Ní Bologna bóyá. Ní Bari ńkọ́, oúnjẹ wọn gan-an lo dárúkọ yẹn. Orecchiette ni pásítà semola tí wọ́n ń fi ọ̀bẹ fà yẹn, wọ́n á yí i gbọọrọ bí ìka, wọ́n á gé e kéékèèké, wọ́n á fi ojú ọ̀bẹ tí kò mú fà á lórí pákó kó ká, wọ́n á wá yí i padà sórí àtàǹpàkò, á di abọ́ tíńtínní kan tí ẹ̀yìn ẹ̀ ṣe ṣákaṣàka. Tẹ́ ẹ bá dé Bari Vecchia, ní àdúgbò Arco Basso, ìta gbangba lẹ́nu ọ̀nà ilé wọn làwọn màmá jókòó sí tí wọ́n ń ṣe é tà. Mo dúró ti màmá kan níbẹ̀, wọ́n ń bá ará ilé òdìkejì jà nígbà náà lórí nǹkan kan tí mi ò gbọ́, ọwọ́ wọn ò dúró, wọn ò sì wo pákó lẹ́ẹ̀kan.

Ẹ̀fọ́ kan tó korò díẹ̀, cime di rapa, ni wọ́n ń fi jẹ ẹ́. Wọ́n á bọ ẹ̀fọ́ lómi oníyọ̀, inú omi ẹ̀fọ́ yẹn náà ni wọ́n á da orecchiette sí. Lórí iná kejì, òróró ólífì, ááyù, ata gbígbẹ, àti ẹja kéékèèké oníyọ̀ tí wọ́n ń pè ní acciughe, títí ẹja yẹn á fi yọ́ sínú òróró. Wọ́n á gbọ̀n wọ́n pọ̀, wọ́n á fi búrẹ́dì gbígbẹ tí wọ́n rún tí wọ́n yan wọ́n ọn lórí. Nílé wa níbí, ewúro tí mo fọ̀ dáadáa tí mo dà pọ̀ mọ́ ṣọkọ yọ̀kọ̀tọ̀ ni mo ń lò, ẹja gbígbẹ tí mo gún ló dípò acciughe, ìyàwó mi tó jẹ́ ọmọ ibí jẹ ẹ́ tán, ó ní kí n bu sí i.

Àdùkẹ́_Àkọ́bọ̀:

Ewúro kẹ̀! Ọ̀la ni mò ń lọ Ọjàọba. Ọmọ bàbá mi ò sọ ti ẹ̀fọ́ fún mi rárá, ẹ̀rín ló ń rín. Ṣé kí n sọ fún àǹtí pé kí wọ́n kọ́ wa ní ti gúúsù yìí náà, àbí wọ́n á rò pé mò ń bá wọn díje ni?

Ìyá_Oníbúrẹ́dì_Challenge:

Má dárúkọ ọmọ bàbá ẹ níbẹ̀ rárá. Kúnlẹ̀ kí wọn bó o ṣe ń ṣe, tẹ́ ẹ bá ń pò ó lọ́wọ́ kó o kàn sọ pé "Àǹtí, ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti gbé ibẹ̀, àwọn ará Bari ńkọ́, báwo ni wọ́n ṣe ń ṣe tiwọn?" Àwọn fúnra wọn ló máa sọ ọ́ títí ilẹ̀ á fi ṣú. Kó o sì ra síkéèlì o, mo rí i pé o ò dárúkọ ẹ̀. Mẹ́ṣìn ìyá ọkọ ẹ, tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ wọn dáadáa, kí ọkọ ẹ má lọ gbé e lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì láìsọ.

Àdùkẹ́_Àkọ́bọ̀:

Mo ti gbọ́ mà. Ọkọ mi ti ń bèèrè pé ṣé mẹ́ṣìn yẹn lè ro ọkà náà.